Dókítà Adéoyè Lambo, Agbẹjọ́rò Àwọn Alárùn Ọpọlọ

Àwọn àgbà a máa wí pé wèrè dùn-ún wò, kò ṣe é bí ní ọmọ. Ẹni tí ó bá ti rí asínwín ní ẹ̀bá ọjà, tí àwọn ọmọdé ń sọ ní òkò, yóò mọ̀ pé òtítọ́ ni. Ìtàn ọkùnrin tí ó gba ẹjọ́ irú àwọn bẹ́ẹ̀ rò ni a fẹ́ sọ.

Ní Abẹ́òkúta ni a bí Thomas Adéoyè Lambo, ní ọjọ́ 29 oṣù Máàṣì, ọdún 1923. Ó kàwé ní Baptist Boys' High School ní ìlú náà, ó sì ré òkun kọjá lọ sí Yunifásítì Birmingham, níbi tí ó ti di dókítà ní ọdún 1948. Lẹ́yìn náà ni ó kọ́ ìtọ́jú àrùn ọpọlọ ní Lọ́ńdọ̀nù.

Ní àkókò náà, ilé asínwín ti ìjọba, irú èyí tí a dá sílẹ̀ ní Yaba ní ọdún 1907, jọ túbú ju ilé ìwòsàn lọ. Nígbà tí Dókítà Lambo gba àkóso ilé ìwòsàn Arò, ní Abẹ́òkúta, ní ọdún 1954, ilé tí ìjọba ń kọ́ kò tí ì parí. Ṣùgbọ́n kò káwọ́ lérí. Ó tọ àwọn ará abúlé tí ó yí Arò ká lọ, ó sì bẹ̀ wọ́n kí wọ́n gba àwọn aláìsàn sí ilé wọn, kí a sì máa san owó ilé fún wọn. Aláìsàn kọ̀ọ̀kan ní láti mú ìbátan kan wá, tí yóò máa dáná fún un, tí yóò sì máa mú un lọ gba ìtọ́jú. Bí ó bá ti gba ìtọ́jú tán, abúlé ni yóò padà sí, láàárín ènìyàn bí tirẹ̀, láìsí ẹ̀wọ̀n ní ẹsẹ̀.

Ohun tí ó tún ya ọ̀pọ̀ lẹ́nu ni pé ó pe àwọn babaláwo àti àwọn oníṣègùn ìbílẹ̀ mọ́ra. Ó mọ̀ pé ẹni tí ó gbà pé ayé ni ó ń ṣe òun, abẹ́rẹ́ nìkan kò lè tù ú nínú. Ọwọ́ ọmọdé kò tó pẹpẹ, ti àgbàlagbà kò wọ kèrègbè.

Kò fi ìmọ̀ yìí pamọ́. Ní oṣù Nòfẹ́mbà, ọdún 1961, ó pe àwọn oníṣègùn ọpọlọ láti ilẹ̀ Áfríkà àti òkè òkun jọ sí Abẹ́òkúta. Ó di ọ̀jọ̀gbọ́n ní Ìbàdàn ní ọdún 1963, ó sì jẹ́ olórí Yunifásítì náà láti ọdún 1968 títí di 1971. Láti ibẹ̀ ni ó ti lọ sí Àjọ Ìlera Àgbáyé ní Geneva, níbi tí ó ti jẹ́ igbákejì olórí àgbà láti ọdún 1973 títí di 1988. Ó papòdà ní ọjọ́ 13 oṣù Máàṣì, ọdún 2004.

Ẹ̀yin ará Ọ̀fà, ìjàkadì kò ṣe àjèjì sí yín. Ẹ mọ̀ pé ẹni tí a dá kò kú. Bí a bá nawọ́ sí i, yóò dìde. Nítorí náà, bí àrùn ọpọlọ bá dá ará ilé wa, ẹ má jẹ́ kí a dè é mọ́ kòkò ilé tàbí kí a tì í síta fún ìtìjú. Ẹ jẹ́ kí a tètè mú un lọ sí ọ̀dọ̀ oníṣègùn, kí a sì bá a dúró níbẹ̀.