Grazia Deledda: Ọmọbìnrin Tí Ìlú Rẹ̀ Kò Fẹ́ Kó Kọ̀wé

Èmi ló kàn ní tááàmù yìí láti kọ ìtàn ìgbésí ayé ẹnì kan tó ti kú tipẹ́, tí ayé sì mọ̀. Àwọn tó ṣáájú mi ti kọ nípa Mọrèmi àti Ajàyí Crowther. Èmi fẹ́ mú yín lọ sọ́nà jíjìn díẹ̀, sí ilẹ̀ Ítálì.

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ bí mo ṣe mọ̀ ọ́n. Mo lọ sí láíbìrì lọ wá orúkọ Wọlé Ṣóyínká nínú ìwé kan tí wọ́n to orúkọ àwọn tó ti gba ẹ̀bùn Nobel nítorí ìwé kíkọ sí. Bí mo ṣe ń fi ìka tọ orúkọ wọn wálẹ̀, ọkùnrin, ọkùnrin, ọkùnrin ṣáá ni. Ní ọdún 1909, mo rí obìnrin kan, Selma Lagerlöf, ará Sweden. Ní 1926, mo rí ìkejì. Òun ni Grazia Deledda. Wọ́n kọ ọ́ síbẹ̀ pé kíláàsì kẹrin alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ló ti kúrò nílé ìwé. Mo ka ibẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì. Àbí ẹ ò rí nǹkan! Èmi tí mo wà ní JSS 2 ti pẹ́ nílé ìwé jù ú lọ.

Ọjọ́ 27 oṣù Kẹsàn-án ọdún 1871 ni wọ́n bí i ní ìlú Nuoro, ní Sardinia. Erékùṣù ńlá ni Sardinia, omi òkun ló yí i ká, ṣùgbọ́n ara ilẹ̀ Ítálì ni. Orí òkè ni Nuoro wà. Àwọn darandaran àti àgbẹ̀ ló pọ̀ níbẹ̀ nígbà náà. Bàbá Grazia rí já jẹ, ó ní ilẹ̀, ó sì tún ń ṣòwò. Kì í ṣe àìlówó ló mú ọmọ rẹ̀ kúrò nílé ìwé, kì í sì í ṣe pé orí ọmọ náà kò pé. Ohun tí wọ́n gbà níbẹ̀ ni pé iṣẹ́ ilé, aṣọ rírán àti ilé ọkọ ló kan ọmọbìnrin. Tíṣà kan kọ́ ọ nílé fúngbà díẹ̀. Lẹ́yìn ìyẹn, ó di pé kó máa ka ìwé tọ́wọ́ rẹ̀ bá ti tẹ̀, kó máa fi kọ́ ara rẹ̀.

Ọ̀rọ̀ èdè tún wà níbẹ̀. Èdè Sardinia ni wọ́n ń sọ nílé wọn. Èdè Ítálì, ilé ìwé ló ti kọ́ ọ, ìyẹn gan-an ló sì fi kọ ìwé rẹ̀. Ọ̀rọ̀ yìí á yé àwa tá a wà níbí dáadáa. Tá a bá dé ẹnu géètì, Haúsá là ń gbọ́. Ní kíláàsì, Gẹ̀ẹ́sì ni. Yorùbá wá di ti ọjọ́ ìpàdé ẹgbẹ́.

Ní ọdún 1888, nígbà tí kò tíì ju ọmọ ọdún mẹ́tàdínlógún lọ, Grazia fi ìtàn kan ránṣẹ́ sí ìwé ìròyìn aṣọ àti oge àwọn obìnrin kan ní Róòmù. Wọ́n tẹ̀ ẹ́ jáde. Ṣé ẹ rò pé Nuoro bá a yọ̀? Rárá o. Ìlú dàrú. Wọ́n ní irú ọmọbìnrin wo ló ń kọ ọ̀rọ̀ ìfẹ́ sínú ìwé tí gbogbo ayé á rí, wọ́n ní kò ní rí ọkọ fẹ́. Nígbà tó dàgbà, ó kọ ìwé kan tó ń jẹ́ Cosima, tó jọ ìtàn ìgbésí ayé òun fúnra rẹ̀. Nínú ìwé náà, àwọn àǹtí méjì tí kò mọ ìwé kà wà lára àwọn tó sáré wá sílé láti bínú sí ohun tí ọmọ náà kọ. Wọn ò lè kà á, síbẹ̀ wọ́n ti dájọ́.

Nígbà tí mo kà á débẹ̀, mo pa ìwé náà dé. Èmi náà ní ìwé ìkọ̀wé kan tí mo máa ń kọ ìtàn sí. Ní tááàmù tó kọjá, àwọn kan rí i lábẹ́ pílò mi, wọ́n sì kà á sókè ní họ́stẹ̀ẹ̀lì. Wọ́n fi mí ṣe yẹ̀yẹ́. Ẹnì kan tiẹ̀ ní òun ni mo ń bú nínú rẹ̀. Látọjọ́ náà, mi ò kọ nǹkan kan mọ́. Ìdí nìyẹn tí mo fi fẹ́ mọ ohun tí Grazia ṣe lẹ́yìn tí wọ́n bú u tán.

Ó ń kọ ọ́ lọ ni. Nínú ìwé Cosima yẹn, ọmọbìnrin náà kò rí owó tó máa fi fi ìwé ránṣẹ́, ló bá yọ́ bu òróró ólífì nínú èyí tó wà nílé, ó tà á. (Ẹ jọ̀ọ́, mi ò sọ pé ká lọ máa jí òróró kíṣìnnì o!) Bàbá Grazia kú ní 1892, ilé wọn sì dàrú. Ọ̀kan nínú àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ọkùnrin di ọ̀mùtí, èkejì kó sọ́wọ́ ìjọba. Grazia ló wá ń bójú tó ibi tí wọ́n ti ń fún òróró ólífì, ó ń kọ ìṣirò ohun tí kálukú gbé wá. Àwọn àgbẹ̀ á jókòó síbẹ̀, wọ́n á máa sọ̀rọ̀ ara wọn. Grazia á máa gbọ́. Ibẹ̀ ló ti kó ọ̀pọ̀ ìtàn jọ.

Ní 1900, ó fẹ́ Palmiro Madesani, òṣìṣẹ́ ìjọba, wọ́n sì kó lọ sí Róòmù. Àwọn tó ní kò ní rọ́kọ fẹ́ dákẹ́. Wọ́n bí ọmọkùnrin méjì. Ọkọ rẹ̀ yìí ń bá a ṣètò iṣẹ́ ìwé rẹ̀, àwọn èèyàn sì ń fi ìyẹn ṣe ẹlẹ́yà. Luigi Pirandello, òǹkọ̀wé ńlá, tiẹ̀ kọ odidi ìwé kan jáde ní 1911 tó fi ń ta irú ọkọ bẹ́ẹ̀ lẹ́fẹ̀ẹ́. Grazia ṣáà ń kọ tirẹ̀.

Kí ló wá kọ? Ẹ wò ó, ìwé Ítálì kún fún obìnrin tipẹ́, ṣùgbọ́n ọkùnrin ló sábà máa ń kọ wọ́n. Petrarch to ewì 366 jọ sínú ìwé kan, obìnrin kan tó ń jẹ́ Laura ni púpọ̀ nínú wọn dá lé lórí. A mọ irun Laura, a mọ ojú rẹ̀, àmọ́ a ò mọ ohun tí Laura fúnra rẹ̀ rò. Obìnrin inú ìwé Grazia kì í ṣe ère tí wọ́n gbé kalẹ̀ fún wíwò. Nínú Cenere, ọkùnrin kan tó ti níyàwó tan Olì jẹ, bàbá Olì sì lé e jáde nílé. Ó fi ọmọ rẹ̀ sílẹ̀ fún bàbá ọmọ kí ọmọ náà lè rí ayé gbé. Nínú Canne al vento, tó jáde ní 1913, bàbá kan há àwọn ọmọbìnrin rẹ̀ mẹ́rin mọ́lé. Ọ̀kan, Lia, sá lọ. Àwọn mẹ́ta tó kù jókòó sínú ilé náà títí wọ́n fi di òtòṣì. Nínú La madre, ìyá kan kò lè sùn lóru torí ọmọ rẹ̀ tó jẹ́ fádà ti kó sínú ìfẹ́ obìnrin.

Ohun tó wú mi lórí jù nìyí. Àwọn obìnrin Nuoro tó bú u ló ń kọ̀tàn wọn. Ó lè fi wọ́n gbẹ̀san, kó sọ wọ́n di òmùgọ̀ lójú ayé. Kò ṣe bẹ́ẹ̀. Ó wo ohun tó ń bà wọ́n lẹ́rù, ó sì jẹ́ ká káàánú wọn. Nígbà tí mo rò ó, mo rí i pé lóòótọ́ ni mo bú ẹni yẹn nínú ìtàn mi. Mo ti bẹ̀ ẹ́.

Ọdún 1927 ni wọ́n fún Grazia ní ẹ̀bùn Nobel ti 1926. Òun ni obìnrin Ítálì àkọ́kọ́ tó gbà á. Pirandello tó fi wọ́n ṣẹ̀fẹ̀ yẹn, 1934 ló tó gba tirẹ̀. Àrùn jẹjẹrẹ ọmú ló pa Grazia ní Róòmù, ọjọ́ 15 oṣù Kẹjọ ọdún 1936. Ìwé Cosima ò tíì jáde nígbà tó kú.

Àwọn àgbà ní àjò kì í dùn kí onílé má relé. Ní 1959, wọ́n gbé òkú rẹ̀ padà sí Nuoro, sínú ṣọ́ọ̀ṣì kékeré kan níbẹ̀. Wọ́n sọ ilé tí wọ́n bí i sí di ibi tí àwọn èèyàn ń wá wò. Ìlú tó ní kó má kọ̀wé ló wá ń fi ìwé rẹ̀ yangàn.

Ní ti èmi, mo ti ra ìwé ìkọ̀wé tuntun. Èyí tẹ́ ẹ kà tán yìí ni ohun àkọ́kọ́ tí mo kọ sínú rẹ̀.