Akínọlá Láṣekan, Ẹni Tó Fi Àwòrán Na Òyìnbó

Tí a bá ń ka àwọn tó jà fún òmìnira, olóṣèlú nìkan la máa ń dárúkọ. Ayàwòrán kan ni mo mú wá lónìí.

Ọ̀wọ̀ ni wọ́n ti bí Akínọlá Láṣekan ní 1916. Ní 1944, ó bẹ̀rẹ̀ sí í ya àwòrán ẹ̀fẹ̀ fún West African Pilot, ìwé ìròyìn tí Nnamdi Azikiwe dá sílẹ̀ l'Ékòó ní 1937. Lash ló ń kọ sábẹ́ àwòrán rẹ̀. Ó gé orúkọ rẹ̀ kúrú ni o, àmọ́ pàṣán ni ìtumọ̀ rẹ̀ lédè Gẹ̀ẹ́sì, ó sì fi na ìjọba òyìnbó dáadáa.

Gẹ̀ẹ́sì ni ìwé ìròyìn náà, ọ̀pọ̀ èèyàn ò sì lè kà á nígbà yẹn. Ṣùgbọ́n ta ni ò lè ka àwòrán? Ní 1945, nígbà ìyanṣẹ́lódì àwọn òṣìṣẹ́, ìjọba ti Pilot pa fúngbà díẹ̀. Nígbà tí wọ́n ṣí i, Láṣekan ń bá iṣẹ́ lọ.

Nígbà tí ẹgbẹ́ òṣèlú dé, ọmọ Yorùbá ni, síbẹ̀ ó na ẹgbẹ́ Awólọ́wọ̀ náà. Ìyẹn gba ìgboyà. Ohun tí mi ò fara mọ́ ni pé pàṣán náà kì í sábà dé ọ̀dọ̀ Azikiwe, ọ̀gá rẹ̀.

Ó padà di olùkọ́ ní Yunifásítì Nsukka, ó sì kú ní 1972. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ àwòrán yà ní Ajíbọ́dè, àyè wà lára ògiri yìí.