John Brinkley, Dókítà Olóbúkọ

Lẹ́yìn ìpàdé, àwọn ará máa ń pe àwa tí a ń ṣe iṣẹ́ nọ́ọ̀sì sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, wọ́n á fi àgbo tàbí oògùn oníhóró hàn wá: ẹnì kan ló polówó rẹ̀, gbogbo àwọn tó lò ó ló sì ń jẹ́rìí pé ó dára. A kì í bá wọn jiyàn. Ìtàn John Brinkley la máa ń sọ fún wọn.

Ní 1885 ni wọ́n bí i ní North Carolina, nílẹ̀ Amẹ́ríkà, sínú ilé tálákà. Iṣẹ́ wáyà títẹ̀ ló kọ́kọ́ ṣe. Ó wọ ilé ẹ̀kọ́ ìṣègùn ní Chicago, kò parí rẹ̀. Ilé ẹ̀kọ́ kan ní Kansas City, tó jẹ́ pé owó lèèyàn fi ń gba ìwé ẹ̀rí níbẹ̀, ló sọ ọ́ di dókítà. Ní 1917 ó kó dé Milford, ìlú kékeré kan ní ìpínlẹ̀ Kansas.

A ò ní purọ́ mọ́ ọn o. Nígbà tí àjàkálẹ̀ ọ̀fìnkìn líle jà ní 1918, ó tọ́jú àwọn èèyàn dáadáa, wọ́n sì fẹ́ràn rẹ̀. Ìfẹ́ yẹn ló ń ná lẹ́yìn náà.

Láàárín ọdún náà ló bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ abẹ tó sọ ọ́ di olókìkí. Ó ní òun lè dá agbára ọkùnrin padà fún ẹni tó ti rẹ̀, nípa fífi kóró ẹpọ̀n òbúkọ sínú tirẹ̀. (Ẹ foríjì wá, bó ṣe rí gan-an nìyẹn.) 750 dọ́là ló ń gbà, owó tó ju ti mọ́tò Ford tuntun lọ láyé ìgbà náà. Kóró òbúkọ kò lè ṣiṣẹ́ kankan lára èèyàn. Bí egbò bá kẹ̀, ó lè yọrí sí ikú. Ṣùgbọ́n ìyàwó ọ̀kan lára àwọn tó kọ́kọ́ ṣe é bímọ ọkùnrin, Brinkley sì polówó ọmọ náà káàkiri. Bí àgbẹ̀ àti ìyàwó rẹ̀ kò ṣe lè bímọ láìsí òbúkọ, a ò mọ̀.

Ní 1923 ó dá ilé iṣẹ́ rédíò tirẹ̀ sílẹ̀, KFKB. Orin wà níbẹ̀, ìwàásù wà níbẹ̀, lẹ́yìn náà ni dókítà fúnra rẹ̀ á wá sọ̀rọ̀ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ bíi bàbá. Nígbà tó di 1928, ó ń ka lẹ́tà àwọn aláìsàn sórí afẹ́fẹ́, ó sì ń dárúkọ nọ́ńbà oògùn tí wọ́n máa rà, láìfọwọ́ kàn wọ́n rí. Àwọn tó ń ta oògùn náà ń fún un ní ìpín tirẹ̀.

Ibi tó ń dùn wá jù rèé. Ẹni tó yè ló ń kọ lẹ́tà ọpẹ́. Ẹni tó kú kò lè kọ̀wé sí rédíò. Nígbà tí àjọ àwọn dókítà ní Kansas gbẹ́jọ́ rẹ̀ ní 1930, wọ́n rí i pé ó ti fọwọ́ sí ìwé ikú èèyàn 42, ọ̀pọ̀ nínú wọn kò sì ṣàìsàn nígbà tí wọ́n dé ọ̀dọ̀ rẹ̀. Wọ́n gba ìwé àṣẹ ìṣègùn lọ́wọ́ rẹ̀. Ìjọba àpapọ̀ náà kọ̀ láti tún ìwé àṣẹ rédíò rẹ̀ ṣe.

Kí ló ṣe? Ó du ipò gómìnà! Orúkọ rẹ̀ kò sí lórí ìwé ìdìbò, síbẹ̀ àwọn tó fọwọ́ ara wọn kọ ọ́ síbẹ̀ lé ní 180,000. Kò wọlé. Ní 1931 ó gbé rédíò mìíràn kalẹ̀ lẹ́bàá ààlà, nílẹ̀ Mẹ́síkò, níbi tí òfin Amẹ́ríkà kò ti lè mú un, ohùn rẹ̀ sì tún gba gbogbo ilẹ̀ kan.

Ní 1938 Dókítà Morris Fishbein kọ̀wé pé ẹlẹ́tàn ni. Brinkley fúnra rẹ̀ ló pè é lẹ́jọ́. Ní 1939, ní Del Rio ní Texas, wọ́n bi í léèrè lábẹ́ ìbúra, àwọn adájọ́ ará ìlú sì dá Fishbein láre. Ìgbà náà ni àwọn aláìsàn àtijọ́ àti ìdílé àwọn tó ti kú wá tò sí kóòtù. Ní 1941 ó jẹ gbèsè wọko. Ní 1942 ó kú ní San Antonio, ọmọ ọdún 56.