Amrish Puri: Òṣèré Tó Fi Ìkà Jẹun

Ẹ̀yin ọmọ ẹgbẹ́ wa, ẹni tó bá ti wo fíìmù Íńdíà ní Òkè Ọya níbí yóò mọ ojú Amrish Puri, bí kò tilẹ̀ mọ orúkọ rẹ̀. Òun ni ọkùnrin tó máa ń ranjú, tí ohùn rẹ̀ ń dún bí ààrá, tí gbogbo èrò sinimá ń retí kí wọ́n lù ú kí wọ́n tó lọ sílé.

Ọjọ́ 22 oṣù kẹfà ọdún 1932 ni wọ́n bí i ní Nawanshahr, ní agbègbè Punjab. Ó kúrò nílé, ó lọ bá àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ̀, Chaman àti Madan, tí wọ́n ń ṣe fíìmù ní Bombay, tí à ń pè ní Mumbai lónìí. Bí tiwa náà ṣe rí nìyẹn: ẹ̀gbọ́n á ṣíwájú, àbúrò á tẹ̀ lé e.

Ní ọdún 1954 wọ́n dán an wò fún fíìmù, wọ́n sì dá a padà nítorí ojú rẹ̀. Kò bínú padà sílé. Ó gba iṣẹ́ ní iléeṣẹ́ ìjọba tó ń rí sí ètò adójútòfò àwọn òṣìṣẹ́, ó sì lo nǹkan bí ogún ọdún níbẹ̀. Síbẹ̀, kò fi eré orí ìtàgé sílẹ̀. Ó ti ń lọ sí ẹni ogójì ọdún kí fíìmù tó gbà á wọlé. Ní 1979 ó gba àmì-ẹ̀yẹ Sangeet Natak Akademi fún eré ìtàgé.

Ojú tí wọ́n kọ̀ yẹn ló wá di ọjà. Láti ìgbà Hum Paanch ní 1980, òun ni wọ́n ń wá fún ipa ìkà. Ní 1984, Steven Spielberg lò ó ní Indiana Jones and the Temple of Doom. Ó fá orí rẹ̀ kodoro nítorí iṣẹ́ yẹn. Ní 1987 ó ṣe Mogambo nínú Mr. India, gbogbo Íńdíà sì mọ̀ ọ́n. Fíìmù rẹ̀ lé ní 400.

Ṣùgbọ́n èyí tó kàn wá jù ni Dilwale Dulhania Le Jayenge, ti 1995. Níbẹ̀ ó ṣe Baldev Singh, ọmọ Punjab tó ní ṣọ́ọ̀bù ní London, tí àárò ilé ń sọ, tí ẹ̀rù sì ń bà pé àwọn ọmọ òun lè sọnù sí ìlú onílùú. Ó ti fi ọmọbìnrin rẹ̀ ṣèlérí fún ọmọ ọ̀rẹ́ rẹ̀ nílé. Ọmọ náà fẹ́ ẹlòmíràn, ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó ti fi ẹ̀tàn wọ ṣọ́ọ̀bù bàbá wá ra ọtí. Bàbá le koko títí di ìparí. Ìgbà tí ọkọ̀ ojú irin ti gbéra ló tó tú ọwọ́ ọmọ rẹ̀ sílẹ̀ pé kó máa lọ.

Baldev kì í ṣe ìkà. Bàbá tí ẹ̀rù ń bà ni. Irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀ ń dé iwájú ìgbìmọ̀ wa. Ẹ̀yin bàbá, ẹ jẹ́ ká máa bi àwọn ọmọ wa léèrè kí á tó ṣèlérí lórí wọn. Ẹ̀yin ọmọ, ẹ mọ̀ pé ojú líle kì í ṣe ìkórìíra.

Amrish Puri kú ní Mumbai lọ́jọ́ 12 oṣù kìíní ọdún 2005, lẹ́ni ọdún 72. Ọlọ́run kó jẹ́ kí iṣẹ́ ọwọ́ wa náà pẹ́ lẹ́yìn wa.