Alfred Russel Wallace: Onímọ̀ Ẹyẹ Tí Kò Sọ̀rètí Nù

Ọdún 1823 ni a bí Alfred Russel Wallace ní ilẹ̀ Wales. Àìlówó lé e kúrò nílé-ìwé lọ́mọ ọdún 14. Ní 1848, ó wọ igbó Amazon láti kó ẹyẹ àti kòkòrò jọ. Bí ó ti ń padà bọ̀ ní 1852, ọkọ̀ gbiná lójú òkun. Ẹrù rẹ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ jóná tán. Síbẹ̀, ní 1854, ó tún gbéra lọ sí Malaysia àti Indonesia òde òní. Láàrin ọdún 8, ó kó ẹyẹ tí ó lé ní 8,000. Ó ṣàkíyèsí pé ẹyẹ Bali yàtọ̀ sí ti Lombok, bí erékùṣù méjèèjì tilẹ̀ súnmọ́ra. Ó kú ní 1913 lẹ́ni ọdún 90. Ẹ̀yin ọ̀dọ́, àdánù kì í ṣe òpin iṣẹ́.