Ignazio Lupo: Ìkookò tó ń jẹ ará ilé ẹ̀ lẹ́yìn odi

Ìtàn tá a mú wá lónìí kì í ṣe ti ọmọ Yorùbá, àmọ́ kò sí ẹni tó ń gbé ẹ̀yìn odi tí kò ní í yé. Ọmọ Ítálì ni Ignazio Lupo. Ìkookò ni Lupo túmọ̀ sí lédè wọn, orúkọ ọ̀hún sì rò ó.

Palermo, ní erékùṣù Sicily, ni wọ́n bí i sí lọ́dún 1877. Lọ́dún 1898 ó pa oníṣòwò kan níbẹ̀, ló bá sá gba ojú òkun lọ sí New York. Kóòtù Ítálì dá a lẹ́bi, ṣùgbọ́n ẹyẹ ti fò lọ.

Àwọn ará Ítálì tó wá ṣiṣẹ́ ajé pọ̀ ní New York nígbà yẹn. Ọ̀pọ̀ wọn ò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì, ọlọ́pàá tó gbọ́ èdè wọn ò sì tó nǹkan. Ara wọn nìkan ni wọ́n fọkàn tán. Ibẹ̀ gan-an ni Lupo gbà wọlé. Ó ṣí ṣọ́ọ̀bù ńlá sí Mott Street, ó ń ta òróró ólífì àti oúnjẹ tí wọ́n mọ̀ láti ilé. Ó fẹ́ àbúrò Giuseppe Morello, ọmọ Corleone, tí ìyá wọn jẹ́ ọ̀kan. Morello yìí ni olórí àwọn ọ̀daràn ibẹ̀.

Láyé ìgbà yẹn, oníṣòwò á kàn rí lẹ́tà tí wọ́n ya ọwọ́ dúdú sí: mú owó wá, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ bọ́ǹbù á wó ṣọ́ọ̀bù ẹ, tàbí a ó jí ọmọ ẹ gbé. Àwọn ọlọ́pàá ka Lupo mọ́ àwọn tó wà nídìí ẹ̀. Lọ́dún 1903, wọ́n mú òun àti Morello nítorí òkú ọkùnrin kan tí wọ́n rí nínú àgbá, ṣùgbọ́n wọ́n fi wọ́n sílẹ̀, ẹ̀rí ò tó. Ta ló fẹ́ jẹ́rìí? Lọ́dún 1908, Lupo ti ṣọ́ọ̀bù, ó sá lọ fún gbèsè.

Joseph Petrosino, ọlọ́pàá tí wọ́n bí sí Ítálì, ló ń lépa irú wọn. Ó lọ ṣèwádìí ní Sicily lọ́dún 1909, wọ́n sì yìnbọn pa á ní Palermo. Wọn ò rí ẹnikẹ́ni dá lẹ́bi.

Owó ayédèrú ló padà mú Lupo. Antonio Comito, atẹ̀wé tí wọ́n fi iṣẹ́ tàn jẹ, tí wọ́n wá fi ìbẹ̀rù mú un tẹ owó, ló tú àṣírí ní kóòtù. Ọmọ Ítálì bíi tiwọn ni. Lọ́dún 1910, Lupo gba ẹ̀wọ̀n ọgbọ̀n ọdún, Morello gba mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n.

Wọ́n tú Lupo sílẹ̀ lọ́dún 1920. Ǹjẹ́ ó kọ́gbọ́n? Rárá o. Àwọn oníbúrẹ́dì ọmọ Ítálì ní Brooklyn ló tún ń gbowó lọ́wọ́ wọn tipátipá. Gómìnà New York wá kọ̀wé sí Ààrẹ Roosevelt, ìyẹn sì dá Lupo padà sẹ́wọ̀n lọ́dún 1936. Ó jáde lópin 1946, kò pé oṣù kan tó fi kú, ní January 1947.

Kòkòrò tó ń jẹ ẹ̀fọ́, ìdí ẹ̀fọ́ ló wà. Dídákẹ́ àwọn èèyàn ẹ̀ ni Lupo ń jẹ. Lọ́jọ́ tí atẹ̀wé kan ṣoṣo lanu, ẹsẹ̀ ẹ̀ ò nílẹ̀ mọ́. Nínú ẹgbẹ́ wa káàkiri, ẹ jẹ́ ká máa ran ará ilé lọ́wọ́, ṣùgbọ́n ká má torí pé ó ń sọ èdè wa bo ìkookò mọ́lẹ̀.