Ayọ̀ Bánkọ́lé: Òjò Inú Igbó lórí Pìánò

Ìlú Jos ni a bí Ayọ̀ Bánkọ́lé sí ní ọjọ́ 17, oṣù Karùn-ún, ọdún 1935. Bàbá rẹ̀ ń tẹ dùùrù, ó sì ń darí ẹgbẹ́ akọrin ní ṣọ́ọ̀ṣì St. Luke's níbẹ̀, olùkọ́ orin ni ìyá rẹ̀ pẹ̀lú. Láti kékeré ni wọ́n ti mú un wá sí Èkó, tí ó fi di ọmọ akọrin ní Kàtídírà Kírísítì. Ó bá Fẹlá Ṣówándé pàdé, ó sì kọ́gbọ́n lára rẹ̀. Ní ọdún 1957 ó lọ sí Guildhall ní Lọ́ńdọ̀nù. Láti ibẹ̀ ó tẹ̀ síwájú sí Clare College ní Cambridge.

Nínú àwọn orin pìánò rẹ̀, Nigerian Suite ni ó kan àwa olùkọ́ jù lọ. Orin márùn-ún tí kò gùn ni ó wà nínú rẹ̀, akẹ́kọ̀ọ́ tí ọwọ́ rẹ̀ ti ń yọ̀ sí pìánò sì lè fi wọ́n dánra wò. A rí Forest Rains, Orin fún Òṣùmàrè, àti October Winds nínú wọn: òjò, ohun tí ó ń yọ lójú ọ̀run lẹ́yìn òjò, àti afẹ́fẹ́ oṣù tí òjò ń múra àtilọ. Lójú tèmi, èyí kì í ṣe èèṣì.

Debussy ará Faransé ti fi pìánò ya àwòrán òjò inú ọgbà ní ọdún 1903. Òjò inú igbó yàtọ̀ sí i. Ẹni tí ó bá dàgbà ní agbègbè Ìjẹ̀bú-Òde mọ̀ pé bí òjò bá dá ní gbangba, yóò ṣì máa kán láti orí ewé sí ewé nínú igbó. Kí olùkọ́ tó ní kí ọmọ fọwọ́ kan pìánò, ẹ jẹ́ kí ọmọ náà kọ́kọ́ rántí ìró yìí. (Ẹni tí kò tí ì fetí sí òjò rí, kí ni ìka rẹ̀ yóò sọ?)

Bánkọ́lé padà sílé ní ọdún 1966. Ó ṣiṣẹ́ ní ilé iṣẹ́ rédíò ìjọba àpapọ̀, ó sì di olùkọ́ ní Yunifásítì Èkó ní ọdún 1969. Kò fi orin mọ sí àárín àwọn ọ̀mọ̀wé nìkan. Ó kó àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ilé-ẹ̀kọ́ girama jọ, ó sọ wọ́n di ẹgbẹ́ akọrin Choir of Angels.

Ní oṣù Kọkànlá, ọdún 1976, wọ́n pa òun àti Tóró aya rẹ̀ ní Èkó. Ẹni ọdún 41 ni.